Ojú Pupa Ọkùnrin Mànàmáná

Iná ẹ̀yìn kẹ̀kẹ́ ni Mintu fi ṣe ojú akọni inú fíìmù rẹ̀. Ó so ó mọ́ àṣíborí, ó fi wáyà fà á dé ìdí bátìrì tó dì mọ́ ìbàdí, ó tẹ bọ́tìnnì, ojú náà sì pọ́n yòò.

“Ó ti jí! Apa, ẹ wá wò ó, ojú ti jí!”

Jorina, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin tí ó ń pè ní Apa, kò tilẹ̀ gbójú sókè níbi tó ti ń po ìrẹsì yíyan mọ́ àlùbọ́sà àti ata tútù fún oúnjẹ àárọ̀. “Ìwọ gan-an ni kí o jí. Bátìrì alùpùpù lo dì mọ́ ìdí yẹn. Bó bá gbá ọ mú, ibojì ni a ó ti máa kì ọ́ ní Ọkùnrin Mànàmáná.”

Gbogbo ilé bú sẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín ọkọ Jorina, Kobad, ló pẹ́ jù. Ọlọ́run ọba, ìwọ tí o mọ ẹ̀rín tí ẹkún ń dọdẹ rẹ̀, máà jẹ́ kí a fi àárọ̀ rẹ́rìn-ín kí a fi ọ̀sán sunkún.

Nílùú Saidpur, níbi tí ìró òòlù ilé àtúnṣe ọkọ̀ ojú irin ti ń jí ènìyàn ju àkùkọ lọ, fídíò ìgbéyàwó ni Mintu ń yà jẹun. Ṣùgbọ́n fíìmù tirẹ̀ ló ń gbé lọ́kàn sùn. Ìtàn rẹ̀ nìyí: wẹ́dà kan ń tún ẹ́ńjìnnì kan ṣe, kò mọ̀ pé láti ayé tí kò tíì dé ni ẹ́ńjìnnì náà ti wá. Iná rẹ̀ gbé wẹ́dà. Nígbà tó jí, ọwọ́ rẹ̀ ń ju mànàmáná, ojú rẹ̀ ọ̀tún sì di ojú pupa tí kì í tàn àfi bó bá wo ọ̀daràn. Kò ní í bèèrè ọ̀rọ̀, kò ní í wá ẹlẹ́rìí. Bí ojú bá ti pọ́n, ẹjọ́ parí.

Agolo òróró ni wọ́n fi ṣe ẹ̀wù irin akọni. Kọ́tìnnì ìyá wọn olóògbé ni agbádá ẹ̀yìn rẹ̀. Mintu fúnra rẹ̀ ni akọni, Polash ọ̀rẹ́ rẹ̀ ló ń di kámẹ́rà mú. Kobad ni gbọ́mọgbọ́mọ.

Ẹ gbọ́ ná, ta ni Kobad? Ọkùnrin tí kò lè pa adìyẹ ni. Ó ní irùnmú tó nípọn bí ìgbálẹ̀, irùnmú yìí nìkan ni Mintu rí tó fi fi í ṣe ìkà. Ṣúgà tí wọ́n ń yí lẹ́rọ títí yóò fi rí bí òwú ló ń tà láti abúlé dé abúlé, pẹ̀lú agogo kékeré lọ́wọ́. Bí àwọn ọmọ bá ti gbọ́ agogo náà, wọn a tú jáde, wọn a máa kì í lọ:

“Kobad olówùú dídùn,
Òwú tí a kì í hun, tí a kì í wọ̀,
Ó kan ahọ́n, ó di omi,
Ó kan ọ̀fun, ó di ìrántí.
Lu agogo rẹ, bàbá Tuni,
Ọmọ tí kò bá jáde, oorun ló ń sùn!”

Tuni, ọmọ rẹ̀ obìnrin tí eyín iwájú ṣẹ̀ṣẹ̀ ká, ni ọmọ tí wọn yóò jí gbé nínú fíìmù.

Jorina gbé àwo kalẹ̀. “Mintu, ṣé ẹ ti sọ fún àwọn ará ọjà pé eré ni ẹ ń bọ̀ wá ṣe?”

“Apa, tí mo bá sọ fún wọn, wọ́n á dojú kọ kámẹ́rà, wọ́n á máa ya irun. Ta ni yóò sanwó fún èrò? Ọjà ni ẹgbẹ́ òṣèré wa. Báyìí la ti ń ṣe é. Inú àpò àlùbọ́sà ni Polash yóò fi kámẹ́rà pamọ́ sí. Ìbẹ̀rù tòótọ́ ni mo fẹ́ lójú wọn.”

“Bó bá jẹ́ ìgbátí tòótọ́ ni wọ́n fún mi ńkọ́?” ni Kobad bi í.

“Dulabhai, ẹ̀yin kọ́ ni ẹ sọ pé irùnmú yín lè gba ìgbátí?” Báyìí ni Mintu ṣe ń pe ọkọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀, bí wọ́n ti ń pè é nílẹ̀ wọn.

“Irùnmú lè gbà á. Ẹ̀rẹ̀kẹ́ ni kò gbà.”

Wọ́n tún rẹ́rìn-ín, wọ́n jáde.

Ọjà kún. Láàárín àwọn tó ń ta ẹja, Kobad gbá ọwọ́ Tuni mú, ó fà á. Tuni figbe ta. Ẹ̀yin ènìyàn mi, ọmọ náà mọ eré ṣe! “Ẹ gbà mí o! Mi ò mọ̀ ọ́n o!” Ọjà dúró gbagidi. Ẹlẹ́ja kan ju ọ̀bẹ sílẹ̀, ó di Kobad lọ́rùn ẹ̀wù, ó sì gbá a létí, gbòà. Ibẹ̀ ni Mintu ti fò sọ̀ kalẹ̀ láti orí ìsọ̀ ọlọ́gẹ̀dẹ̀, agolo ń dún, ojú ọ̀tún pọ́n yòò. Ó nàka sí Kobad. “Ojú mi ti rí ọ! Ọ̀daràn, ojú mi ti rí ọ!” Ó ta á nípàá, Kobad ṣubú, ọjà pàtẹ́wọ́.

Lẹ́yìn náà ni Polash yọ jáde nídìí àpò àlùbọ́sà. “Fíìmù ni o! Ẹ má bínú o, fíìmù ni!”

Ẹ̀rín sọ. Ẹlẹ́ja bẹ Kobad títí. Tuni gun èjìká bàbá rẹ̀, ó ní, “Abba, ṣé mo ké dáadáa?” Kobad fi etí gèlè ọmọ nu imú ọmọ. “O ké débi pé èmi gan-an fẹ́ẹ́ gbà ọ́ lọ́wọ́ ara mi.”

Ṣùgbọ́n ṣé gbogbo ẹni tó rí ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ ló dúró gbọ́ ìparí? Àwọn tó fi fóònù yà á ti wà nínú rickshaw, kẹ̀kẹ́ akérò, wọ́n ti ń lọ sílé pẹ̀lú ìlàjì ọ̀rọ̀.

Ní Ọjọ́bọ̀, Polash sáré wọ ìsọ̀ Mintu. “Wò ó! Wò ó!” Fídíò náà wà lórí ẹ̀rọ ayélujára. Ẹnìkan ti gé e. Ó bẹ̀rẹ̀ níbi tí Kobad ti ń fa ọmọ, ó parí níbi tí Mintu ti ta á nípàá. Wọ́n kọ ọ́ sí abẹ́ rẹ̀ pé: Gbọ́mọgbọ́mọ ti wọ agbègbè wa. Ẹ wo ojú rẹ̀ dáadáa. Ẹ fi ránṣẹ́ kí ọmọ yín má bàa di àwátì.

Iye àwọn tó ń wò ó ń gòkè bí omi odò Teesta lásìkò òjò. Àyà Mintu kọ́kọ́ já. Lẹ́yìn náà, kí n má parọ́, inú rẹ̀ dùn. Ọdún mélòó ló ti ń wá ojú tí yóò wo iṣẹ́ rẹ̀?

Jorina ti gbọ́ nídìí ẹ̀rọ omi. Ó wọlé láì bọ́ bàtà. “Mintu, sọ òtítọ́ fún wọn. Nísinsìnyí. Gbé ojú rẹ sí fóònù kí o sọ pé eré ni, pé ọmọ rẹ̀ ni.”

“Apa, màá sọ ọ́. Àwòrán ìpolówó fíìmù ló kù kí n parí. Lọ́la lẹ́yìn Jímọ̀, màá gbé méjèèjì jáde pọ̀. Ẹ wo iye ènìyàn! Bí wọ́n bá gbọ́ pé fíìmù ni, gbogbo wọn á fẹ́ wò ó.”

“O rí iná lórí òrùlé, o ń yá a.”

“Títí di ọ̀la péré ni.”

“Ọ̀la kì í ṣe ọmọ ìyá ẹnikẹ́ni,” ni Jorina wí, ó sì jáde.

Ó fẹ́ kí ọkọ òun jókòó sílé. Kobad, tí fóònù rẹ̀ kò lè ju ìpè lọ, fi ọ̀rọ̀ náà ṣẹ̀rín: “Ta ni kò mọ̀ mí ní Saidpur? Ọmọ wọn ló ń kì mí.” Ọjọ́ Jímọ̀ dé, àwòrán ìpolówó kò tíì parí. Mànàmáná ọwọ́ akọni kò tàn tó lójú Mintu. Ó ní ó di Sátidé.

Ní òwúrọ̀ Sátidé, Mintu wọ ẹ̀wù agolo rẹ̀, òun àti Polash ń ya apá kan níwájú ìsọ̀. Agogo dún. Kobad ń bọ̀ lórí kẹ̀kẹ́, ẹ̀rọ ṣúgà lẹ́yìn.

“Dulabhai, ibo ló di?”

“Nolbuni, lẹ́bàá odò. Àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ wọn ń sáré ìje lónìí. Mi ò débẹ̀ rí, ṣùgbọ́n ibi tí ọmọ bá ti ń sáré, òùngbẹ ṣúgà kò ní í jìnnà.”

Ọ̀rọ̀ dé Mintu lẹ́nu. Nolbuni kì í ṣe Saidpur. Ta ló mọ Kobad níbẹ̀? Ọ̀rọ̀ dé etí ahọ́n, ó sì gbé e mì, nítorí pé bó bá ní kí ó má lọ, ó ti gbà nìyẹn pé ohun tí òun ṣe burú. “Ẹ tètè dé o,” ló wí. Agogo lọ, ó ń rẹlẹ̀, ó ń rẹlẹ̀, kò sì gbọ́ ọ mọ́.

Láti ìgbà náà, Mintu kò rójú ṣe nǹkan. Ó ya àwòrán kan, ó pa á rẹ́. Ó mu tíì, kò mọ adùn rẹ̀. Ó ń yẹ fóònù wò bí ẹni tí eèrà wọ̀ láṣọ. Lẹ́yìn yìí ni ó rí ọ̀rọ̀ tuntun lábẹ́ fídíò náà: A ti mú un ní Nolbuni! Òun gan-an ni! Àwòrán kan tẹ̀ lé e. Ènìyàn kò hàn níbẹ̀. Ẹ̀rọ ṣúgà tó dojú délẹ̀ ni, àti agogo kékeré nínú ẹrẹ̀.

Mintu kò bọ́ agolo, kò bọ́ àṣíborí. Ó gun alùpùpù. “Polash, pe ọlọ́pàá ní 999! Fi gbogbo fídíò ọjà ọjọ́ yẹn ránṣẹ́ sí mi, gbogbo rẹ̀, títí dé ìparí!” Ọ̀nà gùn. Alùpùpù ń sá, ọ̀nà ń gùn sí i. Gbogbo àdúrà tí ìyá rẹ̀ kọ́ ọ ló ń tú jáde lẹ́nu rẹ̀ láìsí ètò: Yá Alláà, má wo tèmi, wo ti Tuni.

Ariwo ló fi mọ ilé náà. Àgbàlá kan kún fún ọkùnrin, ọ̀pá oparun lókè. Ní ẹnu ọ̀nà ilé ewúrẹ́, ìyá arúgbó kan jókòó sílẹ̀, ó na ẹsẹ̀ méjèèjì dí ọ̀nà. Sokhina lorúkọ rẹ̀, gbogbo abúlé ń pè é ní Dadi, ìyá àgbà. Inú ilé ewúrẹ́ lẹ́yìn rẹ̀ ni Kobad wà. Ẹ̀jẹ̀ ti ń ṣàn gba abẹ́ ilẹ̀kùn.

“Dadi, ẹ dìde níbẹ̀!”

“N kò dìde. Ilé mi ló sá wọ̀. Ìyàwó ọmọ mi ti pe ọlọ́pàá. Bó bá jẹ́ gbọ́mọgbọ́mọ, wọ́n ń bọ̀ wá mú un. Bí kì í bá ṣe bẹ́ẹ̀ ńkọ́, Hatem, kí lo máa wí fún Ọlọ́run? Pé ọwọ́ rẹ ló yá ju ojú rẹ lọ?”

Hatem, ọkùnrin gíga tó wà níwájú, kì í ṣe ènìyàn burúkú. Àgbẹ̀ ọ̀dùnkún ni, ọmọ kan ṣoṣo ló bí. “Ọmọ mi ló fún ní ṣúgà lọ́fẹ̀ẹ́, Dadi! Lọ́fẹ̀ẹ́! Ta ni í fún ọmọ ọlọ́mọ ní nǹkan lọ́fẹ̀ẹ́?”

“Èmi. Èmi fún ọ ní máńgòrò títí o fi hu irùngbọ̀n.”

Nígbà yẹn ni ẹnìkan bojú wẹ̀yìn, ó rí agolo, ó rí ojú pupa. Ó kígbe: “Ọkùnrin Mànàmáná! Ọkùnrin Mànàmáná ti dé! Òun ló mú un lọ́jọ́sí!”

Àgbàlá hó. Wọ́n là fún un bí wọ́n ti ń là fún ọba. Wọ́n ń gbá a lẹ́yìn, wọ́n ń pè é ní akọni. Hatem mú oparun ọwọ́ rẹ̀, ó fi í lé Mintu lọ́wọ́. “Arákùnrin, ìwọ lo kọ́kọ́ rí i. Ìwọ ni kó parí rẹ̀. Wò ó, ojú rẹ ti pọ́n!”

Òtítọ́ ni. Bọ́tìnnì ti há láti ọ̀nà. Ojú náà ń tàn sí ilẹ̀kùn ilé ewúrẹ́, yòò.

Ẹ̀yin ènìyàn mi, ohun tí Mintu ti ń wá láti kékeré ló rí lọ́jọ́ náà. Ó rí èrò, ó rí ìyìn, ó sì fẹ́ kí ilẹ̀ lanu. Oparun bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

“Kò sí ohun tí ojú yìí rí,” ló wí. Ariwo bò ó mọ́lẹ̀. Ó tún un wí. “Kò rí nǹkan kan! Iná ẹ̀yìn kẹ̀kẹ́ ni. Ọkọ ẹ̀gbọ́n mi ni ọkùnrin yẹn. Ọmọ inú fídíò, ọmọ tirẹ̀ ni. Eré ni a ń ṣe. Èmi ni mo parọ́, mo sì mọ̀ pé irọ́ náà ń jà ràn-ìn, mo dákẹ́.”

“Wọ́n ti fún un lówó!” lẹ́nìkan wí. “Ọ̀kan náà ni wọ́n!” Oparun kan balẹ̀ sí àyà rẹ̀. Ẹ̀wù irin tó ń dá ìbọn padà nínú fíìmù wó wọnú bí páálí. Ìdè rẹ̀ já, agolo ṣí sẹ́yìn, gbogbo ènìyàn sì rí àwòrán ìgò òróró tó wà nínú rẹ̀. Àṣíborí yí sílẹ̀. Ojú pupa ṣẹ́jú lẹ́ẹ̀kan, ó kú.

Ẹnìkan kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn náà, kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín mọ́.

“Ẹ jẹ́ kí ó fi hàn wá,” ni Dadi Sokhina wí. “Agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà ni. Ẹ ti gbọ́ ti fóònù tiyín. Ẹ gbọ́ ti fóònù tirẹ̀.”

Mintu fi fídíò hàn Hatem, gbogbo rẹ̀. Hatem wo ibi tí ẹlẹ́ja ti ń bẹ̀bẹ̀. Ó wo ibi tí ọmọ aláìléyín ti gun èjìká “gbọ́mọgbọ́mọ”, tó ní, “Abba, ṣé mo ké dáadáa?” Ó wo ibi tí bàbá ti ń nu imú ọmọ. Kò wo ìyókù. Ó jókòó sílẹ̀ lójú ẹsẹ̀ níbi tó wà.

Ìró mọ́tò ọlọ́pàá dé. Dadi Sokhina ká ẹsẹ̀ rẹ̀ kúrò lẹ́nu ọ̀nà.

Kobad kò kú. Alihamudulilahi. Ṣùgbọ́n ẹ má jẹ́ kí a fi “kò kú” tan ara wa. Ó pẹ́ ní ilé ìwòsàn ní Rangpur. Etí òsì rẹ̀ kò gbọ́ràn mọ́. Ọwọ́ ọ̀tún, ọwọ́ tó ń yí ẹ̀rọ ṣúgà, kò lè di ìgò mú. Hatem àti àwọn mìíràn wà ní àtìmọ́lé, ọ̀dùnkún wọn ń rà lóko. Ìyàwó Hatem gbé ọmọ rẹ̀ pọ̀n wá bẹ Jorina.

“Má bẹ̀ mí,” ni Jorina dá a lóhùn. “Ọwọ́ ọkọ mi ni kó o bẹ̀. Bó bá tún lè di nǹkan mú, èmi náà á dárí jì yín.” Síbẹ̀, ó fún ọmọ náà lómi mu.

Mintu fẹsẹ̀ ara rẹ̀ lọ sí àgọ́ ọlọ́pàá. Ọ̀gá tó gba ọ̀rọ̀ rẹ̀ sílẹ̀ kò pariwo mọ́ ọn. “Ìwọ náà ní ẹjọ́ í jẹ́,” ló wí, “nítorí o rí i pé ó ń tàn kálẹ̀, o sì dákẹ́. Ohun tí màá sọ fún ọ, lọ sọ ọ́ níbi gbogbo tí fíìmù rẹ bá dé. Ẹni tí wọ́n bá fura sí, kí wọ́n bi í ní orúkọ, ibi tó ti wá, àti ẹni tó mọ̀ ọ́n. Kí wọ́n fi í sí ibi tó ní ilẹ̀kùn, kí àgbà jókòó tì í, kí wọ́n pè wá. Ẹni tó bá nà án, ìbáà ṣe ìgbátí kan, ọ̀daràn lòun náà. Èrò tó pọ̀ kì í pín ẹ̀ṣẹ̀ wẹ́wẹ́. Odindi ẹ̀ṣẹ̀ ni olúkúlùkù ń gbé relé.”

Lọ́jọ́ tí Kobad padà sílé, Tuni wá bá Mintu níbi tó ti ń tú àṣíborí náà.

“Mama,” ló wí, bí wọ́n ti ń pe arákùnrin ìyá ẹni, “ojú yẹn pọ́n nígbà tó wo Abba. Ṣé ènìyàn burúkú ni Abba?”

Mintu fa wáyà náà já, ó fi iná náà lé e lọ́wọ́. “Ojú yìí fọ́jú, Tuni. Èmi ni mo ń tẹ bọ́tìnnì.”

Ó parí fíìmù náà. Apá ìkẹyìn rẹ̀, tí wọ́n fi hàn lójú aṣọ ìbùsùn tí wọ́n ta ní àgbàlá ilé ẹ̀kọ́ Nolbuni, ni ibi tí akọni ti yọ ojú pupa sọ sódò, tó jókòó sílẹ̀ níwájú ilẹ̀kùn kan tó ti pa, tó na ẹsẹ̀ méjèèjì, tó ń dúró de ọlọ́pàá. Dadi Sokhina wò ó. Ó ní jíjókòó rẹ̀ kò dára tó tòun.

Ìwọ tí ò ń ka ìtàn yìí, fóònù wà lọ́wọ́ rẹ. Bóyá lónìí gan-an, ẹnìkan yóò fi fídíò ránṣẹ́ sí ọ pé olè nìyí, àjẹ́ nìyí, gbọ́mọgbọ́mọ nìyí, fi ránṣẹ́ kíá. Má fi ránṣẹ́. Bèèrè ibi tó ti bẹ̀rẹ̀ àti ibi tó parí sí. Bí ìwọ lo mọ òtítọ́ rẹ̀, má ní kí ó di ọ̀la. Bí wọ́n bá mú ẹnìkan ní àdúgbò rẹ, tí wọ́n ń wá táyà, tí wọ́n ń wá epo, má ya fídíò. Pe ọlọ́pàá, pe àwọn àgbà, wá ilẹ̀kùn kan, kí o sì jókòó síwájú rẹ̀. Ọlọ́run nìkan ló ní ojú tí ń rí ọkàn, òun náà sì ní sùúrù.

Kobad máa ń jókòó síwájú ilé báyìí, agogo lọ́wọ́ òsì. Àwọn ọmọ ṣì ń wá kì í. Ṣùgbọ́n kó tó rẹ́rìn-ín sí wọn, yóò kọ́kọ́ wo ọ̀tún, yóò wo òsì, bóyá àgbàlagbà kan ń wo òun.

Kí Ọlọ́run má jẹ́ kí a di ẹni tí ọkùnrin yẹn ń fi ìbẹ̀rù wò lọ́ọ̀ọ́kán. Àmín.